Obìnrin Tí Ó Fi Ọwọ́ Ya Ohùn Orin

Ọ̀rọ̀ àsọyé fún àwọn ará yàrá ìkàwé



Nígbà tí a bá jókòó ti asọ̀rọ̀mágbèsì ní ìrọ̀lẹ́, tí a ń gbọ́ orin, akọrin ni a máa ń yìn. A ń yin onílù, a sì ń yin afunfèrè. Ṣùgbọ́n ẹnì kan tún wà níbẹ̀ tí a kì í rí, tí a kì í sì í gbọ́ ohùn rẹ̀. Òun ni ó gbé ẹ̀rọ gbohùngbohùn sí ibi tí ó yẹ. Òun ni ó ń ṣọ́ bí ariwo ti pọ̀ tó. Bí ìlù bá fẹ́ bo ohùn akọrin mọ́lẹ̀, òun ni í dín ìlù kù, tí í sì í gbé ohùn akọrin sókè. Onímọ̀ ẹ̀rọ ìgbohùnsílẹ̀ ni à ń pè é. Bí ó bá ṣe iṣẹ́ rẹ̀ bí iṣẹ́, kò sí ẹni tí yóò rántí pé ó wà láyé. Ọjọ́ tí ó bá ṣe àṣìṣe ni gbogbo ènìyàn máa ń bèèrè rẹ̀.

Ọ̀kan nínú irú àwọn òṣìṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ni mo fẹ́ sọ ìtàn rẹ̀ fún yín. Orúkọ rẹ̀ ni Daphne Oram, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ó lé ní ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tí ó fi ń tọ́jú ohùn àwọn ẹlòmíràn. Lẹ́yìn èyí ni ó fi iṣẹ́ olówó oṣù sílẹ̀, tí ó lọ wá ohùn tirẹ̀. Ohun tí ó rí níbẹ̀, àti ohun tí ó ná an, ni ọ̀rọ̀ wa ní ìrọ̀lẹ́ yìí.

A bí Omidan Oram ní ọjọ́ 31 oṣù Kejìlá ọdún 1925, ní ìlú Devizes ní ẹkùn Wiltshire. Láti kékeré ni ó ti kọ́ dùùrù, tí ó sì ti kọ́ bí a ti ń kọ orin sílẹ̀ lórí ìwé. Nígbà tí ó dàgbà, Royal College of Music, ilé-ẹ̀kọ́ gíga olókìkí ní London, fún un ní àyè láti wá kẹ́kọ̀ọ́. Kò gbà á. Ní ọdún 1943 ó lọ di òṣìṣẹ́ kékeré nídìí ẹ̀rọ ní ilé iṣẹ́ rédíò BBC. Ẹni tí ó bá gbọ́ yóò wí pé ó ju àgbàdo nù, ó mú pòròpórò. Ṣùgbọ́n ọmọbìnrin náà ti mọ ohun tí ó ń wá: ó fẹ́ mọ orin, ó sì fẹ́ mọ ẹ̀rọ tí ń gbé orin.

Ogun Hítílà ń jà lọ́wọ́ nígbà náà, bọ́ǹbù sì ń bọ́ lé àwọn ìlú Gẹ̀ẹ́sì lórí. BBC a máa gbé eré àwọn olórin sáfẹ́fẹ́ láti inú Royal Albert Hall, gbọ̀ngàn ńlá kan ní London. Ọ̀kan nínú iṣẹ́ tí a fi lé Omidan Oram lọ́wọ́ ni èyí: bí àwọn olórin bá ti ń ṣeré, kí òun náà fi àwo orin kan náà sórí gírámófónù, kí àwo náà sì máa bá wọn rìn ní ìṣísẹ̀ kan náà, láìjẹ́ kí ẹnikẹ́ni gbọ́ ọ. Bí ewu ogun bá dá eré dúró lójijì, àwo ni yóò máa bá a lọ, tí àwọn tí ó wà nílé kò fi ní mọ̀ pé nǹkan kan ṣẹlẹ̀. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi ìyẹn sọ́kàn: orin tí a ń ṣe lójú ẹsẹ̀ àti orin inú àwo, tí àwọn méjèèjì jọ ń rìn pọ̀.

Nítorí pé ní nǹkan bí ọdún 1949, kí ó tó pé ọmọ ọdún 25, Omidan Oram kọ orin ńlá kan tí ó pè ní Still Point. Ẹgbẹ́ olórin méjì ni yóò ṣe é papọ̀. Ẹ̀rọ gbohùngbohùn márùn-ún yóò máa gbọ́ wọn. Gírámófónù yóò sì wà níbẹ̀, tí yóò máa dá ohùn àwọn ohun èlò orin padà lọ́nà mìíràn, àwọn olórin yóò sì máa dá a lóhùn. Ní àkókò náà, gírámófónù kì í ṣe ohun èlò orin lójú ẹnikẹ́ni. Ohun tí a fi ń gbọ́ iṣẹ́ ẹlòmíràn ni. Ó gbé orin náà fún BBC. Wọ́n kọ̀ ọ́. A dì í, a gbé e sílẹ̀, kò sì sí ẹni tí ó gbọ́ ọ.

Bí ojú bá ń sunkún, a máa ríran. Omidan Oram kò fi iṣẹ́ sílẹ̀. Ẹ̀rọ tuntun ti dé nígbà náà, èyí tí ń gba ohùn sórí fọ́nrán tẹ́ẹ́rẹ́. Ẹni tí ó bá ní ohùn lórí fọ́nrán lè fi abẹ gé e, kí ó so ó mọ́ òmíràn, kí ó yí ìdí rẹ̀ síwájú, tàbí kí ó mú un yára tó bẹ́ẹ̀ tí ohùn àgbàlagbà yóò fi di ohùn ẹyẹ. Ní ilé rédíò ní Paris àti ní Cologne ní ilẹ̀ Jámánì, a ti fún àwọn akọrin ní yàrá fún irú iṣẹ́ yìí. Omidan Oram ń bẹ àwọn ọ̀gá rẹ̀ pé kí London náà ní tirẹ̀. Kí wọ́n tó dáhùn, bí àwọn yòókù bá ti lọ sílé ní alẹ́, a máa kó àwọn ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ láti yàrá dé yàrá jọ sí ojú kan, a sì máa ṣiṣẹ́ lóru. Kí ilẹ̀ tó mọ́, a ti dá gbogbo wọn padà sí àyè wọn.

Ní ọdún 1957 ni èso iṣẹ́ òru bẹ̀rẹ̀ sí hàn. BBC fẹ́ ṣe eré kan lórí tẹlifíṣọ̀n, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Amphitryon 38. Omidan Oram ṣe orin rẹ̀ láìlo ìlù, láìlo fèrè, láìlo dùùrù. Ẹ̀rọ kékeré kan tí ń hu ohùn tínrín kan ṣoṣo, ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀, àti ẹ̀rọ tí ń sẹ́ ohùn bí asẹ́ ti ń sẹ́ ògì, ni ó fi ṣe é. Ní oṣù Kẹrin ọdún 1958, àwọn ọ̀gá gbà láti ṣí yàrá kan fún òun àti Desmond Briscoe, ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, ní ilé BBC tí ó wà ní Maida Vale. Radiophonic Workshop ni orúkọ tí a fún un.

Ẹ ó rò pé ayọ̀ rẹ̀ kún. Ó kún, ṣùgbọ́n kò pẹ́. Ohun tí ilé iṣẹ́ ń fẹ́ láti inú yàrá náà ni ohùn tí yóò ran eré lọ́wọ́: ohùn ìjì, ohùn àlá, ohùn ẹ̀rù. Ohun tí Omidan Oram ń fẹ́ ni orin tí yóò dá dúró fúnra rẹ̀. Kò yẹ kí a tìtorí èyí bú àwọn ọ̀gá. Ilé iṣẹ́ ní eré láti gbé jáde lójoojúmọ́, yàrá náà sì ṣiṣẹ́ tí ó dára títí di ọdún 1998 tí a tì í. Ṣùgbọ́n ẹni tí a rán ní iṣẹ́ ẹrú lè fi tọmọ jẹ́ ẹ, kó má sì lè sọ pé tòun ni. Ní oṣù Kẹwàá ọdún 1958 ó lọ sí Brussels, níbi tí àwọn akọrin láti oríṣiríṣi ilẹ̀ ti ń fi iṣẹ́ tuntun wọn hàn. Nígbà tí ó padà dé, kò pẹ́ tí ó fi kọ̀wé fi iṣẹ́ sílẹ̀. Ní oṣù Kínní ọdún 1959, kí yàrá tí ó fi ọ̀pọ̀ ọdún tọrọ tó pé ọdún kan, ó jáde kúrò níbẹ̀. Ẹni ọdún 33 ni.

Ó lọ sí abúlé ní ẹkùn Kent, sí ilé kan tí àwọn àgbẹ̀ ti ń gbẹ òdòdó tí a fi ń po ọtí bíà nígbà kan rí. Tower Folly ni orúkọ ilé náà. Ibẹ̀ ni ó to àwọn ẹ̀rọ rẹ̀ sí. Kò sí owó oṣù mọ́, nítorí náà ó ń ṣe ohùn fún sinimá, fún ìpolówó ọjà àti fún eré orí ìtàgé. Àwọn ohùn tí ń dẹ́rù bà ni nínú sinimá The Innocents ti ọdún 1961, ọwọ́ rẹ̀ wà nínú wọn, bí a kò tilẹ̀ kọ orúkọ rẹ̀ síbẹ̀. Ní ọdún 1962 ó ṣe àwo kan tí àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ lè máa jó sí.

Ṣùgbọ́n iṣẹ́ ọkàn rẹ̀ wà lẹ́yìn gbogbo ìwọ̀nyí. Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ìwé Yorùbá mọ̀ pé a máa ń fi àmì lé orí ọ̀rọ̀. Bí a bá kọ “ọkọ” láìfi àmì sí i, ta ni yóò mọ̀ bóyá ọkọ aya ni, tàbí ọkọ́ tí a fi ń ro oko, tàbí ọ̀kọ̀ tí jagunjagun ń jù, tàbí ọkọ̀ ojú omi? Ilà kékeré tí ó gòkè tàbí tí ó sọ̀ kalẹ̀ ni ó ń sọ ohun tí etí yóò gbọ́ fún ojú. Omidan Oram fẹ́ ẹ̀rọ tí yóò ka irú ilà bẹ́ẹ̀ fúnra rẹ̀, tí yóò sì sọ ọ́ di orin. Oramics ni ó pe ọ̀nà náà, láti inú orúkọ ara rẹ̀.

Báyìí ni ó ti ń ṣiṣẹ́. Fíìmù sinimá mẹ́wàá, tí fífẹ̀ ọ̀kọ̀ọ̀kan jẹ́ mílímítà 35, tí ó mọ́ gaara bí dígí, ni a tẹ́ sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn. Omidan Oram a fi ọwọ́ ya ilà dúdú sí ara wọn. Ẹ̀rọ ń fa gbogbo wọn lọ pọ̀. Iná ń tàn lápá kan, ojú ẹ̀rọ tí ó mọ ìmọ́lẹ̀ yàtọ̀ sí òkùnkùn sì ń wò wọ́n lápá kejì. Ibi tí ilà bá ti dí ìmọ́lẹ̀, agbára iná mànàmáná inú ẹ̀rọ a yí padà, ohùn a sì yí padà. Àwọn fíìmù kan ń sọ bí ohùn yóò ti ga tó. Òmíràn ń sọ bí yóò ti le tó. Òmíràn ń sọ bí yóò ti dún padà bí ẹni ké nínú ihò àpáta. Àwòrán mìíràn tí ó kùn sí ara dígí ni ó ń sọ irú ohùn tí yóò jẹ́, yálà tínrín bíi ti fèrè tàbí kíkẹ̀ bíi ti kàkàkí. Bí ọwọ́ rẹ̀ bá gbọ̀n nígbà tí ó ń ya ilà, ohùn náà yóò gbọ̀n. Èyí gan-an ni ó ń fẹ́: kí ènìyàn má ṣe sọnù nínú ẹ̀rọ.

Àjọ Gulbenkian fún un ní £3,550 ní ọdún 1962, wọ́n sì tún ràn án lọ́wọ́ ní ọdún 1965. Àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ bíi Graham Wrench bá a ṣiṣẹ́, ẹ̀rọ náà sì parí ní ọdún 1966. Ṣùgbọ́n ní àkókò kan náà ni àwọn ará Amẹ́ríkà ń ta ẹ̀rọ orin tiwọn, tí ó ní ojú títẹ̀ bíi ti dùùrù. Ìyẹn ni ó gba ọjà. Ẹ̀rọ Omidan Oram jókòó sí Tower Folly, ọ̀kan ṣoṣo ní ayé. Kò dá iṣẹ́ dúró. Ó kọ ìwé kan ní ọdún 1972, ó sì kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní Canterbury, títí àrùn rọpárọsẹ̀ fi dá a dúró ní àwọn ọdún 1990. Ó kú ní ọjọ́ 5 oṣù Kínní ọdún 2003, ní ẹni ọdún 77. Kò gbọ́ Still Point rí.

Ẹ̀yin ará mi, bí ìtàn náà bá parí síbẹ̀, ìbànújẹ́ ni ì bá jẹ́. Ṣùgbọ́n Omidan Oram kì í da ìwé nù. Àwọn ìwé rẹ̀ àti àwọn fọ́nrán rẹ̀ wà ní ipamọ́, a sì kó wọn lọ sí Goldsmiths, ní Yunifásítì London. Ní ọdún 2011 a gbé ẹ̀rọ Oramics síta fún gbogbo ènìyàn láti wò ní Ilé Ìṣura Ìmọ̀ Sáyẹ́ǹsì ní London. Àwọn ọ̀dọ́ olórin, Shiva Feshareki àti James Bulley, wá inú àwọn ìwé náà, wọ́n sì to Still Point padà. Ní ọdún 2016, ọdún 67 lẹ́yìn tí a kọ ọ́, a kọ́kọ́ ṣe é lójú agbo. Ní oṣù Keje ọdún 2018, a tún un ṣe, ẹgbẹ́ olórin méjì pẹ̀lú gírámófónù, nínú Royal Albert Hall, gbọ̀ngàn tí ọmọbìnrin kan ti jókòó sí nígbà ogun, tí ó ń yí àwo tí ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ gbọ́.

Àwọn àgbà wí pé ọgbọ́n ọdún yìí, wèrè ẹ̀ẹ̀míràn ni. Nínú ọ̀rọ̀ yìí, ohun tí a pè ní wèrè ní ọdún kan ni ó di ọgbọ́n ní ọdún mìíràn. Ìwé tí a fi pamọ́ nìkan ni ó jẹ́ kí a mọ̀ bẹ́ẹ̀.

Ní abúlé yìí náà, ọmọ wà tí ń tú rédíò palẹ̀ láti mọ ohun tí ń sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀. Bàbá wà tí ó ní ohùn orin àwọn baba rẹ̀ lórí fọ́nrán, tí eruku ti bo. Ẹ má ṣe lu ọmọ náà kí ẹ tó bi í ní ohun tí ó ń wá. Ẹ nu fọ́nrán náà, ẹ kọ orúkọ akọrin àti ọdún rẹ̀ sí i lára, kí ẹ sì gbé e síbi tí òjò kò ní dé. A kò mọ ẹni tí yóò wá bèèrè rẹ̀.