Ta Ni Yóò Tú Ilé Iná Átọ́mù Palẹ̀?

Ọ̀rọ̀ tí aṣojú òṣìṣẹ́ kan bá àwọn ọmọ ẹgbẹ́ sọ ní ìpàdé ẹ̀ka wa, Èbúté Lẹ́kì

Ẹ̀yin tí ẹ ṣe iṣẹ́ òru mọ́jú tí ẹ kò tíì fojú ba oorun, ẹ kú àìsùn. A kò ní pẹ́ jù.

Ní ìpàdé tó kọjá, àbúrò wa kan tó ń wa kíréènì béèrè ọ̀rọ̀ kan tí a kò lè dáhùn lójú ẹsẹ̀. Ó ní òun gbọ́ pé ìjọba Nàìjíríà fẹ́ kọ́ ilé iná mọ̀nàmọ́ná tó ń lo agbára átọ́mù, pé bí wọ́n bá kọ́ ọ, ṣé iṣẹ́ yóò wà níbẹ̀ fún irú wa? Ọ̀pọ̀ nínú yín rẹ́rìn-ín. Ẹ̀gbọ́n wa kan bá dáhùn láti ẹ̀yìn pé, "Iṣẹ́ á wà. Bó bá gbó tán, ta ni yóò tú u palẹ̀?" Ẹ̀rín dákẹ́. Ọ̀rọ̀ ẹ̀gbọ́n yìí ni a wá sọ lónìí.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ibi tí ọ̀rọ̀ dé. Láti ọdún 1976 ni ìjọba ti ṣe òfin tó dá Àjọ Agbára Átọ́mù ilẹ̀ wa sílẹ̀. Ó di ọdún 2006 kí iṣẹ́ àjọ náà tó gbéra. Ní ọdún 2017, ìjọba bá Rosatom, ilé iṣẹ́ ìjọba Rọ́ṣíà, tọwọ́ bọ̀wé lórí kíkọ́ ilé iná náà. Ibi méjì tí wọ́n ti dárúkọ ni Geregu ní ìpínlẹ̀ Kogí àti Itu ní ìpínlẹ̀ Akwa Ibom. Títí di bí a ti ń sọ̀rọ̀ yìí, kò sí ilé iná átọ́mù kankan ní Nàìjíríà. Nítorí náà àyè ọ̀rọ̀ ṣì wà. Ẹni tó bá dúró kí wọ́n kọ́lé tán kó tó béèrè ibi tí ilẹ̀kùn wà, ojú fèrèsé ni yóò máa gbà wọlé.

Iná átọ́mù kì í ṣe idán. Ẹ wo Ẹ̀gbìn lẹ́bàá ọ̀sà lọ́hùn-ún, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọdún 1985. Gáàsì ni wọ́n fi ń se omi níbẹ̀, ooru omi náà ló ń yí ẹ̀rọ, ẹ̀rọ ló ń mú iná wá. Ti átọ́mù náà, omi ni wọ́n ń sè. Ohun tí wọ́n fi ń sè é ló yàtọ̀, ìyẹn ni uranium. Nígbà tí Ìjọra ń jó èédú láyé ọjọ́un, bí iná bá kú, eérú àti irin ló kù. Ní ti átọ́mù, irin tó yí ibi ìdáná ká ti di nǹkan mìíràn kí iná tó kú. Ó ń tú ìtànṣán jáde. Ìtànṣán yìí kò ní òórùn, kò ní àwọ̀, kì í ta ni lára bí ata, ṣùgbọ́n ó ń wọ inú ẹran ara, ó sì lè fa àrùn jẹjẹrẹ lẹ́yìn ogún tàbí ọgbọ̀n ọdún. Ẹni tó gbà á sára nígbà tó wà lẹ́nu iṣẹ́ lè má mọ̀ títí yóò fi fẹ̀yìn tì.

Ohun tó sún mọ́ ọn jù tí a ní nílé wà ní Zaria, ní Yunifásítì Ahmadu Bello. Kì í ṣe ilé iná, ẹ̀rọ ìwádìí kékeré ni. NIRR-1 ni wọ́n ń pè é, Ṣáínà ló ṣe é, ó sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọdún 2004. Ọkàn ẹ̀rọ náà, níbi tí uranium wà, kò ju korobá kékeré lọ. Uranium inú rẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ ju kílò kan lọ, ṣùgbọ́n irú èyí tí wọ́n fi ń ṣe bọ́ǹbù ni, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò tó ṣe ọ̀kan. Ní ọdún 2018 wọ́n yọ ọ́, wọ́n fi irú tí kò le bẹ́ẹ̀ rọ́pò rẹ̀. Nàìjíríà, Ṣáínà, Amẹ́ríkà, Rọ́ṣíà àti àjọ IAEA tó ń rí sí ọ̀rọ̀ átọ́mù lágbàáyé ló pawọ́ pọ̀ ṣe é. Wọ́n gbé e sínú àpótí irin tó nípọn, wọ́n fi ọkọ̀ òfurufú akẹ́rù gbé e padà sí Ṣáínà ní oṣù December. Ghana ti ṣe tiwọn ní ọdún 2017. Gbogbo ìdààmú yẹn, nítorí ohun tó lè wọ korobá!

Ṣùgbọ́n ìtàn tó bá àwa ará èbúté mu jù ni ti ọkọ̀ ojú omi kan tí wọ́n ń pè ní Sturgis. Ọkọ̀ ẹrù àtijọ́ ni, láti ìgbà ogun Hitler. Àwọn ọmọ ogun Amẹ́ríkà yọ ẹ̀rọ tó fi ń rìn kúrò, wọ́n gbé ìdáná átọ́mù sí inú rẹ̀. Láti ìgbà náà ó di ilé iná tó léfòó, ọkọ̀ mìíràn ló ń fà á kiri. Ní ọdún 1968 wọ́n fà á lọ sí Panama, níbi tí wọ́n ti gbẹ́ ọ̀nà omi la ilẹ̀ já kí ọkọ̀ lè gba inú òkun kan bọ́ sí èkejì. Ọ̀dá omi wà níbẹ̀ nígbà náà. Omi tí wọ́n ìbá fi mú iná wá ni wọ́n fẹ́ fi máa gbé ọkọ̀ kọjá, Sturgis ló sì gba iṣẹ́ iná ṣe. Ó ṣe é dáadáa, a kò ní purọ́ mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n kò lò tó ọdún 10 tí wọ́n fi pa á.

Ẹ wá gbọ́ ohun tó tẹ̀lé e. Wọ́n yọ uranium inú rẹ̀, wọ́n fà á padà sílé, wọ́n sì so ó mọ́lẹ̀ nínú odò James ní Virginia. Ibẹ̀ ló wà títí di ọdún 2015 kí wọ́n tó fà á lọ sí Galveston ní Texas láti tú u. Ọdún 2018 ni wọ́n kó èyí tó ń tú ìtànṣán kúrò nínú rẹ̀ tán, tí wọ́n wá fà á lọ sí Brownsville láti gé irin tó kù. Kò ṣiṣẹ́ tó ọdún 10. Ó dùbúlẹ̀ fún nǹkan bí ọdún 40.

Kì í ṣe ọ̀lẹ nìkan ló fà á, ká sọ òtítọ́. Lára ohun tó ń pa òṣìṣẹ́ lára jù nínú irin bẹ́ẹ̀ ni èyí tí wọ́n ń pè ní kóbáltì 60. Ní ọdún márùn-ún ó lé díẹ̀, agbára rẹ̀ máa ń dín kù dé ìdajì. Lẹ́yìn ọdún márùn-ún mìíràn, ìdajì ìdajì. Bí wọ́n bá fi í sílẹ̀ fún ọdún 40, èyí tó kù kò tó ẹyọ kan nínú 100. Ẹni tó bá dúró ń gba àwọn tí yóò tú u là. Ṣùgbọ́n ní ọdún 40, àwọn tó mọ ibi tí páìpù gbà ti fẹ̀yìn tì, àwọn mìíràn ti kú. Ilé iṣẹ́ tó jẹ èrè ibẹ̀ lè ti wọgbèsè. Calder Hall ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tí Ọbabìnrin Elizabeth ṣí ní oṣù October 1956, ọdún kan náà tó wá sí Nàìjíríà, dákẹ́ ní 2003. Ọdún 2019 ni wọ́n yọ uranium inú rẹ̀ tán. Ilé náà gan-an ṣì wà níbẹ̀. Ọmọ ọmọ àwọn tó kọ́ ọ ni yóò tú u.

Kí ló kàn wá? Díẹ̀ nínú wa ti tú ilé iṣẹ́ rí. Ní nǹkan bí ogún ọdún sẹ́yìn, kí a tó dé Lẹ́kì, agbaṣẹ́ṣe kan kó àwa mẹ́rìnlá láti tú yàrá ẹ̀rọ àtijọ́ kan. Nǹkan funfun bí òwú ni wọ́n fi wé àwọn páìpù ibẹ̀. Ọwọ́ lásán ni a fi ya á. Bí a bá ń lọ sílé nírọ̀lẹ́, orí wa á funfun bí ẹni tó ku èlùbọ́, àwa fúnra wa ń fi ara wa ṣe yẹ̀yẹ́. Áńkáṣíìfù ni a so mọ́ imú. Kò sẹ́ni tó sọ fún wa pé asbestos ni. Owó ojúmọ́ ni wọ́n ń san, kò sí ìwé orúkọ. Lónìí, ọ̀kan nínú wa kò lè gun àtẹ̀gùn ilé rẹ̀ láìdúró mí lẹ́ẹ̀mejì. Dókítà béèrè ibi tó ti ṣiṣẹ́ àti ẹ̀rí tó ní. Ẹ̀rí wo? Nọ́ńbà agbaṣẹ́ṣe náà kò lọ mọ́.

Ẹ sì rántí Koko. Ní ọdún 1987 sí 1988, wọ́n kó ẹgbẹẹgbẹ̀rún àgbá ìdọ̀tí olóró láti Ítálì gba èbúté kékeré yẹn wọlé. Òṣìṣẹ́ bíi tiwa ló fi ọwọ́ yí àgbá náà. Nígbà tí àṣírí tú, ìjọba ní kí wọ́n kó o padà, ó sì ṣe òfin tuntun lórí ìdọ̀tí olóró lọ́dún náà. Kì í ṣe átọ́mù, ṣùgbọ́n ọ̀nà kan náà ni wọ́n gbà wọlé, ẹnu ọ̀nà èbúté.

Èbúté tiwa yìí, tí wọ́n ṣí ní January 2023, omi rẹ̀ jìn tó mítà 16.5. Irú èbúté báyìí ni ẹ̀rọ ńláńlá ń gbà wọ ìlú. Ká má tilẹ̀ sọ ti ọ̀la. Àwọn ilé iṣẹ́ epo ń fi nǹkan tó ní ìtànṣán yẹ inú kànga wò, ilé ìwòsàn ń fi tọ́jú jẹjẹrẹ, òkun ni òmíràn ń gbà wá. Ẹ mọ àmì rẹ̀: ewé dúdú mẹ́ta tó yí ojú kan ká, nọ́ńbà 7 nísàlẹ̀, púpọ̀ nínú wọn ní àwọ̀ ìyeyè lókè. Bí ẹ bá rí i lára ẹrù tó fọ́ tàbí tó ń jò, ẹ má fọwọ́ kàn án, ẹ má jẹ́ kí sùpáfáísọ̀ fi ojú yín ti yín. Ẹ jìnnà sí i, kí ẹ pe aṣojú ẹgbẹ́.

Bí ìjọba bá wá fẹ́ kọ́ ilé iná náà, a kò sọ pé rárá. Iná tó ń lọ tó ń bọ̀ kì í ṣe ọ̀rẹ́ òṣìṣẹ́. Ohun tí a ní kí ẹgbẹ́ wa gbé dé òkè ni pé kí wọ́n máa ya owó títú u palẹ̀ sọ́tọ̀ láti ọjọ́ tí wọ́n bá ta iná àkọ́kọ́, kí owó náà má sì sí lọ́wọ́ ẹni tó ni ilé iná. Kí gbogbo òṣìṣẹ́, àti ti ojúmọ́, wọ báàjì tó ń ka ìtànṣán, kí àkọsílẹ̀ rẹ̀ jẹ́ ti òṣìṣẹ́ fúnra rẹ̀. Àdéhùn 115 ti Àjọ Òṣìṣẹ́ Àgbáyé, láti ọdún 1960, ti sọ̀rọ̀ lórí wíwọn ìtànṣán àti àyẹ̀wò dókítà fún irú òṣìṣẹ́ bẹ́ẹ̀, nítorí náà kì í ṣe àṣejù ni a ń béèrè.

Ní tiwa níhìn-ín, akọ̀wé ti ra ìwé ńlá kan, ó wà lórí tábìlì lẹ́nu ọ̀nà. Kí olúkúlùkù kọ orúkọ rẹ̀, ibi tó ti ṣiṣẹ́ rí, ọdún tó ṣe é, àti ohun tó fọwọ́ kàn níbẹ̀. Ẹni tí kò bá lè kọ, kí ó sọ ọ́ fún akọ̀wé, yóò bá a kọ ọ́. Orúkọ àwa mẹ́rìnlá, àwọn tí a ṣì rántí, ti wà ní ojú ewé àkọ́kọ́.