Ìwé Tí A Ń Kà Pẹ̀lú Ọmọ

(Ọ̀rọ̀ tí Ìmáàmù bá àwọn ọ̀dọ́ sọ níbi ìpàdé ìdánilẹ́kọ̀ọ́)

  

Orí ọ̀rọ̀ tí ẹ fún mi ni lílo ìwé àti ìwé kíkà láti fi kọ́ ìwà ọmọ. N kò ní fi yíyin ìwé bẹ̀rẹ̀, nítorí kò sí ẹnikẹ́ni níhìn-ín tí yóò sọ pé ìwé kò dára. Wòlímọ̀ ni n óò fi bẹ̀rẹ̀. Ẹ mọ bí a ti ń ṣe é ní ìlú wa. Ọmọ ka Àlùkùránì parí, a pa màlúù, a rán aṣọ ẹbí, a gbé ọmọ náà jókòó sórí àga nínú aṣọ funfun, ó ka ibi tí a yàn fún un sínú ẹ̀rọ gbohùngbohùn, ẹbí àti ọ̀rẹ́ sì ń náwó fún un. Ohun ìdùnnú ni, n kò bu ẹnu àtẹ́ lù ú. Ṣùgbọ́n nígbà tí a bá tú àgọ́ tán, ẹ bi ọmọ náà léèrè pé kí ni ó kà. Púpọ̀ nínú wọn kò lè sọ ìtumọ̀ ẹsẹ kan ṣoṣo. Ẹ tún wo inú ilé náà: tẹlifíṣọ̀n wà níbẹ̀, fóònù wà lọ́wọ́ olúkúlùkù, ṣùgbọ́n ìwé tí ọmọ ọdún mẹ́sàn-án lè kà kí ó sì yé e kò sí. Owó itan kan nínú màlúù tí a pa lọ́jọ́ náà ì bá ra ìwé tí yóò kún àpótí.

Kò ní pẹ́ lẹ́yìn náà tí òbí kan náà yóò tọ ìmáàmù wá pé, “Àfáà, ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá mi bá ọmọ yìí sọ̀rọ̀, irọ́ rẹ̀ ti pọ̀ jù.” Ó máa ń ya òbí lẹ́nu pé ọmọ tí ó ti ka Àlùkùránì parí lè máa purọ́. Kò yẹ kí ó yà á lẹ́nu. Ohùn ni ọmọ náà kọ́. Ọ̀rọ̀ kò tíì dé ọ̀dọ̀ rẹ̀.

Kì í ṣe àwa ni a kọ́kọ́ rí ìṣòro yìí. Adájọ́ Abū Bakr ibn al-‘Arabī, ọmọ ìlú Seville ní ilẹ̀ Andalus tí a ń pè ní Spain lónìí, ẹni tí ó kú ní ọdún 1148, rí i bákan náà. Ó ní ohun ìyanu ni pé kí a fi ohun tí kò yé ọmọ bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ rẹ̀. Èrò rẹ̀ ni pé kí a kọ́kọ́ kọ́ ọmọ ní èdè àti ewì, lẹ́yìn náà ìṣirò, kí ó tó kan Àlùkùránì. Ibn Khaldūn mú ọ̀rọ̀ yìí wá nínú ìwé Muqaddimah rẹ̀ tí ó kọ ní ọdún 1377. Ó yin ọ̀nà náà, ṣùgbọ́n ó ní àṣà àwọn ènìyàn kò gbà á, nítorí pé ìgbà èwe nìkan ni ọmọ wà lábẹ́ òbí; bí ó bá dàgbà tí ó yà sí ibòmíràn, Àlùkùránì lè bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́. Lójú tèmi, ìbẹ̀rù yẹn tọ́, pàápàá ní ilẹ̀ tiwa. Kí kéwú wà ní ipò rẹ̀ ní ìgbà èwe. Ṣùgbọ́n kí ni ó dí wa lọ́wọ́ láti mú òye wá sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ní ọjọ́ kan náà? Ṣebí kíkà ni àṣẹ àkọ́kọ́ tí ó dé bá Ànábì wa nínú ihò Hira.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí ojú mi rí. Ní mọ́sálásí wa, lẹ́yìn ìrun Àláásárì ní ọjọ́ Sátidé, a máa ń jókòó pẹ̀lú àwọn ọmọ ọdún mẹ́jọ sí méjìlá. Súrà Yúsúfù ni a kà fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Ẹsẹ 111 ni ó wà nínú rẹ̀, ìtàn kan ṣoṣo ni ó sì gba èyí tí ó pọ̀ jù níbẹ̀. A ó ka ẹsẹ díẹ̀ ní Lárúbáwá, a ó ka ìtumọ̀ rẹ̀ ní Yorùbá, a ó sì dúró. Nígbà tí a dé ibi tí àwọn ẹ̀gbọ́n Yúsúfù ti ń gbìmọ̀, ẹ rántí pé ọ̀kan nínú wọn ni ó dá a lábàá pé kí wọ́n má pa á, kí wọ́n kúkú jù ú sínú kànga kí àwọn èrò ọ̀nà lè rí i gbé. Mo bi àwọn ọmọ náà pé: ṣé ènìyàn rere ni ẹ̀gbọ́n yìí?

Àwọn kan ní ènìyàn rere ni, nítorí bí kò bá sí òun, Yúsúfù ì bá ti kú. Ọmọkùnrin kan ní rárá o, òun náà ṣáà bá wọn padà sílé pẹ̀lú ẹ̀wù tí wọ́n fi ẹ̀jẹ̀ irọ́ kùn. Ọmọbìnrin kan tí kì í sábà sọ̀rọ̀ wá na ọwọ́ sókè, ó ní, “Àfáà, òun ni ó mọ̀ jù lọ nínú wọn pé ohun tí wọ́n fẹ́ ṣe burú. Kí ló dé tí kò lọ sọ fún bàbá wọn?” Ariwo sọ. N kò dá ẹjọ́ náà fún wọn. Mo ní kí wọ́n lọ rò ó títí di Sátidé tí ń bọ̀.

Ní Sátidé kejì, ọ̀kan nínú àwọn ọmọkùnrin dúró tì mí nígbà tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń lọ. Ó ní ní ilé-ẹ̀kọ́ àwọn, àwọn ọ̀rẹ́ òun máa ń gba oúnjẹ ọ̀sán lọ́wọ́ ọmọ kékeré kan. Òun kì í bá wọn gbà á. Òun a kàn máa sọ fún wọn pé kí wọ́n má kó gbogbo rẹ̀, kí wọ́n fi díẹ̀ sílẹ̀ fún un. Ó wá wolẹ̀, ó ní, “Àfáà, èmi ni ẹ̀gbọ́n yẹn.”

Kò sí pàṣán tí ì bá fa ọ̀rọ̀ yẹn jáde lẹ́nu ọmọ, kò sì sí wáàsí tí ì bá fà á jáde. Bí o bá bá ọmọ wí lórí ohun tí ó ṣe, àwáwí ni yóò kọ́kọ́ wá. Ṣùgbọ́n bí o bá fi ẹlòmíràn hàn án nínú ìwé, ẹni tí kò mọ̀ rí, kò ní ìdí kankan láti gbèjà ẹni náà. Yóò dá ẹjọ́ rẹ̀ bí ó ti tọ́. Lẹ́yìn náà ni yóò wo ara rẹ̀ tí yóò rí i pé ẹjọ́ tí òun dá kan òun náà. Ìdí nìyí tí mo fi ń bẹ ẹ̀yin tí ẹ ń kàwé fún ọmọ pé kí ẹ má kánjú sọ ẹ̀kọ́ inú ìtàn. Oníwàásù fẹ́ràn láti sọ ọ́. Ẹnu a máa yún un. Ẹ bi ọmọ léèrè, kí ẹ sì dákẹ́.

Ohun kan tún wà nínú súrà yìí tí a kì í fẹ́ fọwọ́ kàn. Àwọn onítàfúsíìrì ṣàlàyé pé ìyá kan náà ni ó bí Yúsúfù àti àbúrò rẹ̀, ìyá àwọn yòókù sì yàtọ̀. Ọbàkan ni wọ́n. Mélòó nínú wa ni kò mọ irú ilé bẹ́ẹ̀, níbi tí ọmọ ti ń wo bàbá lójú láti mọ ọmọ ìyá tí ó fẹ́ràn jù? Bí bàbá kan bá jókòó tí ó pe ọmọ ìyálé àti ọmọ ìyàwó papọ̀, tí ó ka súrà yìí sí etí wọn, tí ó dé ibi tí àwọn ẹ̀gbọ́n ti ń ráhùn pé bàbá àwọn fẹ́ràn Yúsúfù àti àbúrò rẹ̀ ju àwọn lọ, kí ó múra sílẹ̀ fún ojú tí àwọn ọmọ yóò fi wò ó. Ẹ̀kọ́ bàbá náà wà níbẹ̀. Kí ó má sì dúró síbẹ̀ o; kí ó kà á dé ìparí, níbi tí agbára ti bọ́ sí ọwọ́ Yúsúfù, tí ó lè gbẹ̀san, tí ó sì forí jì wọ́n. Ọmọ tí ìwé parí fún nídìí kànga, ẹ̀dùn ọkàn nìkan ni yóò kó lọ.

Ní ti pàṣán tí mo mẹ́nu bà, Ibn Khaldūn kan náà kìlọ̀ pé líle jù mọ́ ọmọ nídìí ẹ̀kọ́ a máa sọ ọ́ di òpùrọ́ àti alárékérekè, nítorí ìbẹ̀rù. Ẹ má fi ìwé jẹ ọmọ níyà. Ọmọ tí ó ṣẹ̀ tí a ní kí ó lọ ka ojú-ìwé mẹ́wàá, ìwé ni ó ń kórìíra lọ́jọ́ náà, kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀.

Ẹ óò bèèrè pé ìwé wo ni kí a kà. Ọ̀pọ̀ nínú ẹ̀yin tí ẹ lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ Lárúbáwá ti bá Qaṣaṣ an-Nabiyyīn pàdé, ìwé ìtàn àwọn Ànábì tí Abū al-Ḥasan ‘Alī an-Nadwī, àlùfáà ilẹ̀ Íńdíà tí ó kú ní ọdún 1999, kọ fún àwọn ọmọdé. Gbólóhùn rẹ̀ kúrú, ó ń tún ọ̀rọ̀ kan náà lò títí yóò fi mọ́ ọmọ lára, ìtàn Ànábì Ìbúráhíìmù àti ti Yúsúfù sì wà ní apá kìíní rẹ̀. Ẹni tí ó gbọ́ Lárúbáwá díẹ̀ lè máa sọ ọ́ ní Yorùbá fún àwọn àbúrò rẹ̀ bí ó ti ń kà á.

Àwọn kan nínú wa ní irọ́ ni àlọ́ ìjàpá, pé kò yẹ kí ọmọ Mùsùlùmí gbọ́ ọ. N kò bá wọn lọ. Ní ọ̀rúndún kẹjọ ni Ibn al-Muqaffa‘ ti tú Kalīlah wa Dimnah sí èdè Lárúbáwá láti èdè Páṣíà, ìtàn ẹranko ni, ilẹ̀ Íńdíà ni orísun rẹ̀, àwọn Mùsùlùmí sì ti ń fi kọ́ ọmọ láti ìgbà náà. Ọmọ mọ̀ pé ẹranko kì í sọ̀rọ̀. Kò sí ẹni tí a tàn jẹ.

Àwọn mìíràn kò fẹ́ kí ọmọ ka ìwé tí kì í ṣe Mùsùlùmí ni ó kọ ọ́. Àwọn onítàn wa sọ pé lẹ́yìn ogun Badr ní ọdún 624, àwọn ẹrú ogun tí wọ́n mọ̀wé ṣùgbọ́n tí wọn kò ní owó ìràpadà, kíkọ́ ọmọ Mọ̀dínà mẹ́wàá ní ìwé ni Ànábì fi ṣe ìràpadà ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn. Abọ̀rìṣà ni àwọn olùkọ́ wọ̀nyẹn. Kí wá ni ẹ̀ṣẹ̀ Aláwìíyé tí J. F. Odunjo kọ, tí ó ti kọ́ ìran mélòó kan nínú wa, Mùsùlùmí àti Kìrìsìtẹ́nì, ní Yorùbá kíkà? Kí òbí kọ́kọ́ ka ìwé náà fúnra rẹ̀, kí ó mọ ohun tí ó wà nínú rẹ̀. Ìyẹn ni ààbò, kì í ṣe orúkọ ẹni tí ó kọ ọ́.

Ẹnìkan yóò ní inú fóònù ni ohun gbogbo wà báyìí. Òótọ́ ni pé Àlùkùránì àti ìtumọ̀ rẹ̀ wà níbẹ̀, bí kò bá sì sí òmíràn, ẹ kà á níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ìwé kì í pe ọmọ kúrò nídìí ohun tí ó ń kà. Fóònù a máa pè é ní ìṣẹ́jú ìṣẹ́jú.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, púpọ̀ yín kò tíì bímọ, ṣùgbọ́n ẹ ní àbúrò nílé. Àárín Mọ̀ńgàríbì sí Ìṣáì tó láti ka ojú-ìwé méjì pẹ̀lú wọn kí ẹ sì bi wọ́n ní ìbéèrè kan. Ẹ má rán wọn lọ kàwé kí ẹ̀yin jókòó ti bọ́ọ̀lù nínú tẹlifíṣọ̀n. Ohun tí wọ́n bá rí lọ́wọ́ yín ni wọn yóò mú.

Àpótí ìwé kan wà ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ mọ́sálásí wa báyìí. Ẹni tí ó bá fẹ́ ṣe wòlímọ̀ láti ìsinsìnyí lọ, a ń bẹ̀ ẹ́ pé kí ó fi ìwé mẹ́ta kún un, a ó sì kọ orúkọ ọmọ rẹ̀ sí ojú-ìwé àkọ́kọ́ wọn. Ọwọ́ akọ̀wé yín ni kọ́kọ́rọ́ wà. A ń wá ẹni mẹ́rin tí yóò máa kàwé pẹ̀lú àwọn ọmọ ní ọjọ́ Sátidé, obìnrin méjì, ọkùnrin méjì. Ẹni tí ó bá lè ṣe é, kí ó fi orúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ rẹ̀ kí a tó pe ìrun Àláásárì.