Baba Sàlá àti Èrè Iṣẹ́ Rẹ̀

Ẹ ní kí n sọ̀rọ̀ nípa ẹnì kan tí ó fi èdè wa ṣe iṣẹ́ ńlá. Ó lè ya àwọn mìíràn lẹ́nu pé aláwàdà ni àlùfáà yàn. Síbẹ̀, Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀ ti Iléṣà, ẹni tí tọmọdé tàgbà mọ̀ sí Baba Sàlá, ni mo yàn.

Orin ni ó kọ́kọ́ ṣe. Ó ní ẹgbẹ́ olórin kan tí à ń pè ní Federal Rhythm Dandies, níbi tí Sunny Adé ti ta gìtá lábẹ́ rẹ̀ kí òun náà tó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀. Lẹ́yìn náà ni ó yí sí eré orí ìtàgé. Ògúndé, Ògúnmọ́lá àti Dúró Ládipọ̀ ti la ọ̀nà sílẹ̀ ṣáájú. Àwọn a máa fi ẹ̀fẹ̀ díẹ̀ sí àárín eré wọn, ṣùgbọ́n ẹ̀fẹ̀ gan-an ni òun fi ṣe odindi eré. Ẹ rántí gíláàsì ńlá ojú rẹ̀, táì tí ó fẹ̀ ju bí ó ti yẹ lọ, àti aago ràgàjì tí ó gbé kọ́rùn. Àgbàlagbà ahun ni ó máa ń dà, tí ó ka ara rẹ̀ sí ọlọgbọ́n ju gbogbo ènìyàn lọ, tí ọgbọ́n náà a sì máa ko ó sí wàhálà. N kò wí pé gbogbo àwàdà rẹ̀ ni a lè sọ ní kíláàsì. Òmíràn wà tí èmi kò jẹ́ sọ.

Àwọn ẹgbẹ́ òṣèré ìgbà náà kì í jókòó sójú kan. Wọn a máa tẹ̀lé owó kòkó láti ìlú dé ìlú, wọn a sì ṣeré ní gbọ̀ngàn ilé ẹ̀kọ́ tàbí àgbàlá òtẹ́ẹ̀lì. Ẹni tí ó bá ti Èkó ń lọ sí Òkìtìpupa tàbí Bìní, Ọ̀rẹ̀ yìí ni yóò gbà. Lórí ìtàgé bẹ́ẹ̀, ẹ̀rín àwùjọ ni òṣèré fi ń mọ ìgbà tí yóò fa ọ̀rọ̀ gùn. Ní ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Ìbàdàn, WNTV, tí a ṣí ní 1959, kò sí irú ìrànlọ́wọ́ yìí: ẹ̀rọ kì í rẹ́rìn-ín, àkókò kò sì dúró. Ọláìyá mọ méjèèjì ṣe, bẹ́ẹ̀ ni ó sì mú àwàdà Yorùbá wọ inú yàrá àwọn ènìyàn.

Ní 1982 ni sinimá rẹ̀, Ọ̀run Móoru, jáde. Ọlá Balógun ni olùdarí rẹ̀. Ìtàn ọkùnrin kan ni, tí oníjìbìtì gba gbogbo ohun ìní rẹ̀, títí ó fi wá ikú lọ. Kí owó tí ó ná sí i tó padà, àwọn olè ti ṣe ẹ̀dà rẹ̀ sínú kásẹ́ẹ̀tì fídíò, wọ́n sì ń tà á káàkiri. Gbèsè ni ó kù sí ọwọ́ ẹni tí ó ṣiṣẹ́. Ohun tí ó dùn mí jù ni pé kì í ṣe ọ̀tá rẹ̀ ni ó ra kásẹ́ẹ̀tì wọ̀nyí. Àwọn tí ó fẹ́ràn rẹ̀ ni.

Kò tìtorí èyí fi iṣẹ́ sílẹ̀. Ó tún ṣe Ààrẹ Àgbáyé àti Mósebọ́látán. Ó kú ní oṣù kẹwàá ọdún 2018. Ìjọba ti ṣe òfin lórí ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ọpọlọ ní 1988, wọ́n sì tún un ṣe ní 2022, ṣùgbọ́n ọlọ́pàá kò lè dúró ní ẹnu ìsọ̀ gbogbo. Ẹ̀yin ìjòyè ni àwọn ọlọ́jà ń gbọ́ràn sí lẹ́nu. Nígbà tí ẹ bá tún pe àwọn olórí ọjà àti ti ibùdókọ̀ jọ, mo bẹ̀ yín, ẹ bi wọ́n léèrè lọ́wọ́ ta ni wọ́n ti ń gba orin àti sinimá tí wọ́n ń tà.