Ibà Tí Ń Bẹ Lẹ́yìn Iṣẹ́ Abẹ Apẹ́ńdíìsì



Apẹ́ńdíìsì jẹ́ ìfun tínínrín kan tí ó so mọ́ ìbẹ̀rẹ̀ ìfun ńlá, ní apá ọ̀tún ìsàlẹ̀ ikùn. Bí ó bá wú, tí a sì tètè gé e kúrò, ara aláìsàn sábà máa ń yá kíákíá. Ṣùgbọ́n bí ó bá ti bẹ́ kí a tó dé ọ̀dọ̀ dókítà, ọyún yóò ti dà sínú ikùn. Dókítà lè fọ ibẹ̀, síbẹ̀ kí ìyókù sá pamọ́ sáàárín ìfun, kí ó sì di eéwo inú.

Ibí yìí ni ọ̀pọ̀ nínú wa ti ń ṣìnà. Ojú abẹ lè jiná lókè, kí eéwo máa gbilẹ̀ nísàlẹ̀. Ní nǹkan bí ọ̀sẹ̀ kan tàbí méjì lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ, ara yóò tún gbóná, ikùn yóò máa ro aláìsàn, oúnjẹ kò ní wù ú jẹ, inú lè wú, ìgbẹ́ sì lè máa ṣàn. Àwọn ará ilé á ní, "Ibà lásán ni," wọ́n á sì gba kẹ́míìsì lọ. Oògùn ibà kò ran eéwo inú.

Àrùn yìí kò mọ ọba yàtọ̀. Ní oṣù kẹfà ọdún 1902, nígbà tí ó ku ọjọ́ 2 péré kí a dé Ọba Edward Keje ládé ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, eéwo apẹ́ńdíìsì dá a dùbúlẹ̀. Frederick Treves la ikùn rẹ̀, ó tú ọyún náà jáde, kò tilẹ̀ gé apẹ́ńdíìsì. Ní ọjọ́ 9 oṣù kẹjọ, ọba dé adé rẹ̀. Ọyún gbọ́dọ̀ rí ọ̀nà jáde.

Lónìí, ẹ̀rọ tí ń ya àwòrán inú ikùn lè fi eéwo hàn. Oògùn apakòkòrò lè ká èyí tí ó kéré. Èyí tí ó tóbi, a lè fi rọ́bà tẹ́ẹ́rẹ́ fà á jáde, tàbí kí a tún la ikùn.

Nítorí náà, ẹ lo oògùn yín tán. Bí ara bá tún gbóná, ẹ padà kíákíá sí ilé ìwòsàn tí ó ṣe iṣẹ́ abẹ náà, tàbí ilé ìwòsàn ìjọba àpapọ̀ tí ó wà ní Ọ̀wọ̀. Owó ọkọ̀ láti Ìfọ̀n tàbí Ìdóàní kò tó owó ìsìnkú. Àìtètè mólè, olè ń mólóko.