Ẹ̀kọ́ Tí Wọn Kò Kọ Sílẹ̀

Ẹ̀yin ọmọ iléèwé tí ń kùn nítorí ewì tí ẹ ó há sórí, ẹ gbọ́ ti àwọn Dírúìdì, àlùfáà àwọn Kẹ́líìtì ní ilẹ̀ tí à ń pè ní Faransé lónìí. Julius Caesar, ọ̀gágun Róòmù tí ó bá wọn jà, kọ ọ́ pé òmíràn nínú wọn a lo 20 ọdún lẹ́nu ẹ̀kọ́. Wọ́n mọ̀wé o! Ábídí Gíríìkì ni wọ́n fi ń kọ ọ̀ràn mìíràn. Ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ ìsìn, èèwọ̀ ni. Caesar rò pé wọn kò fẹ́ kí ìwé sọ iyè ọmọ di ọ̀lẹ.

Ní nǹkan bí ọdún 60 lẹ́yìn ìbí Jésù, ọmọ-ogun Róòmù kọlu erékùṣù Mona ní Wélsì, wọ́n sì gé igbó ìsìn wọn lulẹ̀. Ẹnu ọ̀tá ni a ti ń gbọ́ ìtàn wọn báyìí. Nínú ẹ̀kọ́ 20 ọdún náà, ẹsẹ kan kò kù.