Ẹja Tí Iná Kò Dé Inú Rẹ̀

(Ọ̀rọ̀ tí akọ̀wé ètò ìlera sọ ní ìpàdé ẹ̀ka wa)

Mo mọ̀ pé nítorí ọ̀rọ̀ owó-oṣù ni ọ̀pọ̀ yín ṣe wá, a ó sì dé orí rẹ̀. Ṣùgbọ́n inú tí a fi ń jẹ owó-oṣù náà ni mo fẹ́ kọ́kọ́ sọ̀rọ̀ lé lórí.

Ní Íjíbítì, lẹ́bàá ìlú Port Said, adágún omi ńlá kan wà tí à ń pè ní Manzala. Omi Odò Náìlì àti omi òkun ló pàdé níbẹ̀, bí odò àti òkun ti ń pàdé ní ọ̀sà Èkó. Àwọn apẹja ibẹ̀ ń pa epìyà, tí àwa náà mọ̀ dáadáa, àti ẹja kan tí wọ́n ń pè ní buri. Inú ẹran àwọn ẹja wọ̀nyí ni kòkòrò kan máa ń sá pamọ́ sí. Heterophyes ni àwọn dókítà ń pè é. Ará Jámánì kan, Dókítà Theodor Bilharz, ló kọ́kọ́ rí i ní Káírò ní 1851, nígbà tí ó ń yẹ òkú wò. Bilharz yìí kan náà ló rí kòkòrò àtọ̀sí ajá, èyí tí ń mú kí ọmọ máa tọ ẹ̀jẹ̀, lọ́dún yẹn kan náà.

Ẹ wo bí ó ti ń rìn. Bí ẹni tí ó ní i nínú bá yàgbẹ́ sómi, ẹyin rẹ̀ á bá ìgbẹ́ lọ, ìṣáwùrù á sì jẹ ẹ́. Inú ìṣáwùrù ni yóò ti pa, tí yóò sì di púpọ̀. Yóò wá jáde sínú omi pẹ̀lú ìrù tí ó fi ń lúwẹ̀ẹ́, yóò wá ẹja rí, yóò gún ara ẹja wọlé, yóò sì ká ara rẹ̀ kò sínú ẹran. Ojú lásán kò lè rí i. Ibẹ̀ ni yóò dúró sí títí ènìyàn, ajá, ológbò tàbí ẹyẹ yóò fi jẹ ẹja náà ní tútù tàbí ní àìjinná. Bí ó bá dàgbà tán nínú ìfun, kò gùn tó mílímítà 2. Bí wọ́n bá kéré, ènìyàn lè má mọ nǹkan kan. Bí wọ́n bá pọ̀, inú á máa run, ìgbẹ́ á máa ya gbuuru, ẹni náà á sì máa dá ọbẹ̀ àná lẹ́bi.

Ní ọdún Sham el-Nessim, àwọn ará Íjíbítì máa ń jẹ fesikh, ẹja buri oníyọ̀ tí wọn kò sè. Iyọ̀ ọjọ́ díẹ̀ kò pa kòkòrò yìí. Fíríìjì ilé kò pa á. Ata àti ọsàn wẹ́wẹ́ kò pa á rárá. Iná ló ń pa á, iná tí ó dé egungun. Ẹ̀yin awakọ̀ tí ń dúró lẹ́bàá ọ̀nà jẹ epìyà yíyan, ẹ kọ́kọ́ ya ẹja náà sí méjì. Bí ẹran kò bá ṣí kúrò lára egungun fúnra rẹ̀, ẹ dá a padà sórí iná kí ẹ tó sanwó.

Ẹnìkan lè wí pé ìwà ọ̀bùn àwọn apẹja ló fà á. N kò gbà. Ẹni tí ó wà nínú ọkọ̀ ojú omi láti òwúrọ̀ di alẹ́, níbo ni yóò yà sí? A kò lè gbẹ́ ṣáláńgá fún ológbò àti ẹyẹ, ṣùgbọ́n ti ènìyàn wà lọ́wọ́ ènìyàn. Ní tiwa níhìn-ín, ìkòkò ọbẹ̀ àwọn ìyá wa ti gbà wá lọ́wọ́ ẹja tútù. Àtọ̀sí ajá ń kó wa ṣá, inú ìṣáwùrù àti omi tí a dọ̀tí sí lòun náà ti ń wá.

Oògùn kan náà, praziquantel, ló ń ṣiṣẹ́ fún méjèèjì. Ilé ìwòsàn ni kí a ti gbà á, lẹ́yìn tí wọ́n bá ti yẹ ìgbẹ́ tàbí ìtọ̀ wò. Kì í ṣe oògùn aràn tí wọ́n ń polówó nínú bọ́ọ̀sì.

Ní ti ilé ìgbọ̀nsẹ̀, a ó gbé e síwájú àwọn ọ̀gá pẹ̀lú ọ̀rọ̀ owó-oṣù. Kí olúkúlùkù aṣojú ka iye èyí tí ó ní omi ní gáréèjì tàbí ilé-iṣẹ́ tirẹ̀, kí ó kọ ọ́ sílẹ̀, kí ó sì mú un wá sí ìpàdé tí ń bọ̀.