Ẹni Tí Òfin Dárúkọ: Bí Àwọn Adájọ́ ECOWAS Ṣe Ń Ka Ìwé Àdéhùn

Ẹjọ́ oníṣòwò kan ló yẹ ká fi bẹ̀rẹ̀.

Ní oṣù kẹjọ ọdún 2003, ìjọba Nàìjíríà ti ẹnubodè rẹ̀ pẹ̀lú orílẹ̀-èdè Benin pa lójijì. Wọ́n ní àwọn adigunjalè ń jí ọkọ̀ gbé níbí, wọ́n ń gba ibẹ̀ sá lọ. Kò tó ọ̀sẹ̀ méjì tí wọ́n fi tì í, ṣùgbọ́n ọjà kì í dúró de ìjọba. Afọlábí Ọlájídé, oníṣòwò ọmọ Nàìjíríà, ti bá ẹnìkan lọ́hùn-ún ṣàdéhùn ọjà. Kò rí ọ̀nà kọjá, àdéhùn sì forí ṣánpọ́n. Àwọn tó ń wọkọ̀ Èkó ní Challenge n'Ìbàdàn ní ìdájí, tí wọ́n ń gba Mile 2 àti Àgbádárìgì dé bodè Sẹ̀mẹ̀, mọ irú àdánù bẹ́ẹ̀ bí ẹní mowó.

Ọlájídé kò jókòó sunkún. Ó gba ilé ẹjọ́ ECOWAS lọ ní Abuja, ó pe Nàìjíríà lẹ́jọ́. Ohun tó dì mú lágbára: àdéhùn tí wọ́n fi dá ECOWAS sílẹ̀ ní Èkó ní ọjọ́ 28 oṣù karùn-ún ọdún 1975, tí wọ́n tún ṣe ní Kùtọnu ní 1993, ṣèlérí pé èèyàn àti ẹrù yóò máa lọ, yóò máa bọ̀ láàárín àwọn orílẹ̀-èdè ọmọ ẹgbẹ́. Ibi tí ọ̀rọ̀ ti há ni ìlànà ọdún 1991 tó dá ilé ẹjọ́ náà fúnra rẹ̀ sílẹ̀. Abala kẹsàn-án níbẹ̀ sọ pé orílẹ̀-èdè kan lè torí ọmọ rẹ̀ pe orílẹ̀-èdè mìíràn lẹ́jọ́. Kò dárúkọ Lágbájá oníṣòwò. Ọlájídé wá béèrè pé: Nàìjíríà ló ti bodè, ṣé Nàìjíríà náà ni yóò torí Ọlájídé pe Nàìjíríà lẹ́jọ́?

Ìbéèrè náà mú bí abẹ. Ṣùgbọ́n ní ọjọ́ 27 oṣù kẹrin ọdún 2004, àwọn adájọ́ dáhùn pé ọ̀rọ̀ inú ìlànà náà yé yéké. Bí àwọn tó kọ òfin kò bá fún aráàlú láyè láti pẹjọ́, adájọ́ kò lè fún un. Wọ́n da ẹjọ́ náà nù láì dé ìdí ọ̀rọ̀ bodè rárá.

Ẹ gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹjọ́ oníṣòwò mìíràn. Ilé iṣẹ́ Van Gend en Loos kó kẹ́míkà láti Jámánì wọ Netherlands, wọ́n sì bu owó bodè tó ju ti tẹ́lẹ̀ lọ fún un. Àdéhùn ẹgbẹ́ ọrọ̀ ajé Yúróòpù ní kí ìjọba kankan má ṣe fi kún owó bodè. Kò sọ pé oníṣòwò lè fi ìyẹn bá ìjọba ṣẹjọ́. Ní oṣù kejì ọdún 1963, àwọn adájọ́ ilé ẹjọ́ ẹgbẹ́ náà ní Luxembourg ní yàtọ̀ sí ọ̀rọ̀ inú ìwé, àwọn yóò wo ẹ̀mí àdéhùn náà àti bí wọ́n ṣe tò ó látòkèdélẹ̀. Wọ́n ní ètò òfin tuntun ló dá sílẹ̀, aráàlú sì ní ẹ̀tọ́ tirẹ̀ nínú rẹ̀. Lóòótọ́, ilé ẹjọ́ Netherlands ló fi ìbéèrè náà ránṣẹ́ sí wọn. Kì í ṣe oníṣòwò ló kan ilẹ̀kùn fúnra rẹ̀. Síbẹ̀, ọ̀nà méjì tí adájọ́ ń gbà ka òfin ti hàn: ẹnìkan tẹjú mọ́ ọ̀rọ̀, ẹnìkejì béèrè ohun tí ọ̀rọ̀ náà wà fún.

Ó rọrùn láti pe àwọn adájọ́ Abuja lójo. Ẹni tó bá fẹ́ pè wọ́n bẹ́ẹ̀, kó kọ́kọ́ wo Windhoek. Níbẹ̀ ni ilé ẹjọ́ SADC, ẹgbẹ́ àwọn orílẹ̀-èdè gúúsù Áfíríkà, ti dá àwọn àgbẹ̀ òyìnbó láre lórí ilẹ̀ tí Zimbabwe gbà lọ́wọ́ wọn, ní oṣù kọkànlá ọdún 2008. Kò pé ọdún méjì tí àwọn olórí orílẹ̀-èdè fi dá iṣẹ́ ilé ẹjọ́ náà dúró. Nígbà tí wọ́n kọ ìlànà mìíràn fún un ní 2014, wọ́n yọ aráàlú kúrò nínú rẹ̀ pátápátá.

Ìdájọ́ 2004 lórí ẹjọ́ Ọlájídé ní tirẹ̀ fi ìka tọ́ ibi tí ògiri ti lanu. Àwọn adájọ́ fúnra wọn, àwọn agbẹjọ́rò àti àwọn ẹgbẹ́ ajàfẹ́tọ̀ọ́ gbé e lọ bá àwọn ìjọba. Nígbà tó di ọjọ́ 19 oṣù kìn-ín-ní ọdún 2005, wọ́n ti buwọ́ lu àfikún ìlànà: ẹnikẹ́ni tí wọ́n bá tẹ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn rẹ̀ lójú ní orílẹ̀-èdè ọmọ ẹgbẹ́ lè gba Abuja lọ tààrà, bí kò bá ti fi orúkọ pamọ́, tí ẹjọ́ náà kò sì sí níwájú irú ilé ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ mìíràn. Ìlànà yìí kò sọ pé kó kọ́kọ́ jà á láti High Court dé Supreme Court.

Hadijatou Mani ló fi hàn bí àlàfo tí ìlànà náà fi sílẹ̀ yẹn ti tóbi tó. Ní 1996, nígbà tó wà lọ́mọ ọdún 12, wọ́n tà á fún ọkùnrin kan ní Niger ní 240,000 sẹ́fà. Ó ṣe ẹrú fún un lóko àti nílé fún nǹkan bí ọdún mẹ́sàn-án, ó sì bímọ fún un. Nígbà tí ọkùnrin náà fún un ní ìwé òmìnira, ó yíjú padà, ó ní ìyàwó òun ni. Hadijatou fẹ́ ẹlòmíràn. Ilé ẹjọ́ ní Niger wá rán an lọ sẹ́wọ̀n oṣù mẹ́fà, wọ́n ní ó fẹ́ ọkọ méjì pọ̀.

Nígbà tí ẹjọ́ dé iwájú ECOWAS, Niger ní obìnrin náà kò tíì jà á tán nílé. Àwọn adájọ́ ní ìlànà 2005 kò béèrè bẹ́ẹ̀, àwọn kò sì ní fi kún un. Ẹ wò ó dáadáa: ojú tí wọ́n fi ka ìwé tí wọ́n fi lé Ọlájídé padà náà ni wọ́n fi gba Hadijatou wọlé. Ìwé ló yí padà. Ní ọjọ́ 27 oṣù kẹwàá ọdún 2008, wọ́n ní àwọn kò jókòó láti yẹ òfin Niger wò lápapọ̀, ẹjọ́ ẹnì kan ló wà níwájú àwọn. Ẹ̀bi Niger kò ju èyí lọ: adájọ́ rẹ̀ rí ẹrú níwájú rẹ̀, ó sọ ọ́ di ọ̀rọ̀ ọkọ àti aya. Wọ́n ní kí Niger san mílíọ̀nù mẹ́wàá sẹ́fà fún un. Niger san án.

Ọdún kan géérégé lẹ́yìn rẹ̀ ló kan Nàìjíríà. Ẹgbẹ́ ajàfẹ́tọ̀ọ́ SERAP ní wọ́n ń jí owó ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ kó. Ìjọba ní Orí Kejì ìwé òfin ilẹ̀ wa ni ọ̀rọ̀ ẹ̀kọ́ wà, ilé ẹjọ́ kankan kò sì lè gbọ́ ọ. Àwọn adájọ́ ní abala 17 Ìwé Àdéhùn Áfíríkà lórí Ẹ̀tọ́ Ọmọnìyàn ni wọ́n fi pẹjọ́, Nàìjíríà ló sì fọwọ́ ara rẹ̀ tẹ́wọ́ gba ìyẹn. Ìdájọ́ tó kẹ́yìn, ní oṣù kọkànlá ọdún 2010, kò gbè sẹ́yìn SERAP tán: wọ́n ní olè jíjà ní ẹyọ ara rẹ̀ kò tíì di ìtẹ̀mọ́lẹ̀ ẹ̀tọ́ sí ẹ̀kọ́, ilé ẹjọ́ ilé ni kó ṣẹjọ́ olè. Síbẹ̀, wọ́n ní kí ìjọba dí àlàfo owó tó lọ náà, kí ọmọ kankan má baà pàdánù ẹ̀kọ́. Bí wọ́n ṣe ti ibi tí wọn kò ti rí ẹ̀rí tó bọ́ síbi tí wọ́n ti pàṣẹ, àlàyé wọn kò tó. Abala 19 ìlànà wọn sì sọ ọ́ gbangba pé ìdájọ́ gbọ́dọ̀ gbé ìdí rẹ̀ jáde.

Lẹ́yìn ìyẹn ló kan Twitter. Láti oṣù kẹfà ọdún 2021 di oṣù kìn-ín-ní ọdún 2022 ni ìjọba fi tì í pa, tí àwọn ọ̀dọ́ ní Agbowó n'Ìbàdàn ń fi VPN yọ́ wọlé. Ní ọdún 1981 tí wọ́n kọ Ìwé Àdéhùn Áfíríkà, ta ló gbọ́ Twitter? Níhìn-ín, àwọn adájọ́ kò dúró sórí ọ̀rọ̀ nìkan. Ní ọjọ́ 14 oṣù keje ọdún 2022, wọ́n ní ẹ̀tọ́ láti lo Twitter jáde láti inú ẹ̀tọ́ láti sọ̀rọ̀, àti pé ìjọba kò rí òfin kankan tọ́ka sí tó fún un láṣẹ àtitì í.

Ilé ẹjọ́ yìí kò ní ọlọ́pàá. Ìjọba kọ̀ọ̀kan ló ń yan ọ́fíìsì tí yóò mú ìdájọ́ ṣẹ; ní Nàìjíríà, Attorney-General ìjọba àpapọ̀ ni, ẹni tó ń gba ẹjọ́ ìjọba rò. Gámbíà gbìyànjú ní 2009 láti gé agbára ilé ẹjọ́ náà kù, lẹ́yìn tí wọ́n dá a lẹ́bi lórí akọ̀ròyìn kan tó di àwátì, àwọn mínísítà ètò ìdájọ́ sì kọ̀ fún un. Niger, Mali àti Burkina Faso kò bẹ ẹnikẹ́ni: ní ọjọ́ 29 oṣù kìn-ín-ní ọdún 2025, wọ́n jáde kúrò nínú ECOWAS. Obìnrin tí ìyà Hadijatou bá jẹ ní Niger lẹ́yìn ọjọ́ yẹn lè forí lé ìgbìmọ̀ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn Áfíríkà ní Banjul tàbí ilé ẹjọ́ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn Áfíríkà ní Arusha, níbi tí wọn yóò ti kọ́kọ́ bi í bóyá ó ti jà á tán ní ilé ẹjọ́ ilé rẹ̀.